Ọfà Tó Jáde Nínú Dúró

Nígbà tí Wẹ́dà kọ́kọ́ fi ọ̀pá irin na Fọ́máàn, kò kí i, kò sì bú u. Ó kàn rìn wọ inú ọgbà iṣẹ́ ní aago mẹ́wàá àárọ̀, òun àti ọkùnrin méjì tí wọ́n jọ ń jó irin ní ìsọ̀ rẹ̀, ó gba àárín òkìtì irin àlòkù kọjá, ó sì sọ ọ̀pá náà lé ọkùnrin yẹn láàárín ẹ̀yìn bí ẹni ń la igi. Fọ́máàn ń ka ìwé ìwọ̀n lọ́wọ́ ní ìdúró. Ó dojú bolẹ̀ lórí tábìlì, nígbà tó sì máa fi gbé orí sókè, eyín rẹ̀ méjì ti ká sórí ìwé.

Ìgbà yẹn ni Wẹ́dà tó sọ̀rọ̀. "Àbúrò mi kú ní aago méje àárọ̀ yìí. Ìwọ lo pa á."

Ó tún gbé ọ̀pá sókè. Orúnkún ló bà lẹ́ẹ̀kejì. Àwọn òṣìṣẹ́ tó wà nítòsí tú ká, wọ́n fara pamọ́ sẹ́yìn òkìtì irin, kò sí ẹni tó fẹ́ kí ọ̀pá yẹn ṣèèṣì ya ọ̀dọ̀ òun.

Àbúrò Fọ́máàn obìnrin ń wo gbogbo rẹ̀ láti ojú fèrèsé yàrá kékeré tó wà lókè ilé ìwọ̀n. Àǹtí Róbótó ni wọ́n ń pè é níbi iṣẹ́, torí róbótó bí ẹnu ife ló ń yà sórí ìwé láti àárọ̀ títí wọ́n fi máa ń lọ sílé. Òun ló ń ya àwòrán ìwà ẹ̀rọ kí ó tó jókòó kọ ètò kọ̀ǹpútà tó máa darí rẹ̀. Róbótó kọ̀ọ̀kan jẹ́ ipò kan tí ẹ̀rọ lè wà: Sùn, Ṣetán, Tẹ̀, Gòkè, Dúró. Ọfà ló so wọ́n pọ̀, ó sì máa ń kọ ohun tó gbọ́dọ̀ ṣẹlẹ̀ sára ọfà kọ̀ọ̀kan kí ẹ̀rọ tó gba ibẹ̀ kọjá. Ẹ̀rọ kì í dédé ṣe nǹkan. Ibi tó wà náà ló máa wà títí ẹnìkan á fi tẹ nǹkan tàbí fa nǹkan. Ohun tí kò bá sí ọfà fún, kò ní ṣe é láéláé, ohun tí ọfà bá sì wà fún, kò ní bi ẹnikẹ́ni léèrè kó tó ṣe é.

Ó ti gbé àwòrán náà kọ́ sórí pákó funfun ńlá kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ ìtẹrin, kí gbogbo òṣìṣẹ́ lè máa rí i. Wọ́n fi ṣe yẹ̀yẹ́ títí. Bí ẹnìkan bá ń tòògbé, wọ́n á ní ó ti wọ Sùn, kí ẹnìkan bá wọn wá ọfà tó máa yọ ọ́.

Ẹ̀rọ náà fúnra rẹ̀ tóbi tó yàrá kan. Ẹnu rẹ̀ ga dé àyà ènìyàn. Wọ́n á da irin jákujàku sí i lẹ́nu, àwo irin kan tó wúwo á sọ̀kalẹ̀ láti òkè, á sì tẹ gbogbo rẹ̀ pọ̀ di ìdì onígun mẹ́rin.

Ọ̀rọ̀ Dúró yẹn ló ba gbogbo nǹkan jẹ́. Nígbà tí wọ́n ń ṣètò ẹ̀rọ, Fọ́máàn sọ fún àbúrò rẹ̀ yìí pé, "Ẹnikẹ́ni tó bá ti gbá bọ́tìnnì pupa, kí ẹ̀rọ dúró." Ohun tó ní lọ́kàn ni pé kó ṣíwọ́ pátápátá, kó má mira mọ́ àfi bí wọ́n bá tún tẹ bọ́tìnnì aláwọ̀ ewé, èyí tó ń mú ẹ̀rọ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́, láti ìbẹ̀rẹ̀. Ṣùgbọ́n láti kékeré ni àbúrò rẹ̀ ti ń gbọ́ dúró lẹ́nu rẹ̀. "Dúró síbẹ̀, mò ń bọ̀," ló máa ń sọ fún un lẹ́nu ọ̀nà ilé ìwé, á dúró, ẹ̀gbọ́n á dé, wọ́n á jọ máa lọ. Bó ṣe gbọ́ ọ náà ló ṣe yà á. Bí wọ́n bá gbá pupa, ẹ̀rọ á bọ́ sínú Dúró. Bí wọ́n bá fa pupa padà síta, ọfà kan jáde nínú Dúró, ó lọ tààrà sínú Tẹ̀. Fọ́máàn wo pákó, ó rí Dúró níbẹ̀ gàgàrà, inú rẹ̀ dùn, ó buwọ́ lù ú. Ọmọ ìyá kan náà ni wọ́n, ọ̀rọ̀ kan náà ni wọ́n sọ, ohun ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n sì gbọ́.

Oṣù mẹ́ta gbáko, ẹ̀rọ kò gba ọfà yẹn kọjá rí, torí wọ́n máa ń pa iná lára ògiri kí wọ́n tó fa pupa, bí iná bá sì padà, inú Sùn ni ẹ̀rọ á ti bẹ̀rẹ̀. Ní ọjọ́ Ajé, wọn ò pa á. Wáyà há sí ẹnu ẹ̀rọ, Fọ́máàn gbá pupa, Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́ sì ki apá bọ inú rẹ̀ láti yọ wáyà ọ̀hún. Àbúrò Wẹ́dà ni Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́, òun ni apá rẹ̀ tínínrín jù nínú wọn. Ó ń pa wọ́n lẹ́rìn-ín pé wáyà yìí sanra ju òun lọ. Fọ́máàn fa pupa padà sílẹ̀ dè é, torí ó dá a lójú pé láìtẹ ewé, kò séwu. Àwo sọ̀kalẹ̀. Igbe tí Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́ ké kò gùn rárá. Nígbà tí àwo gòkè, apá náà kò jọ apá mọ́, ẹ̀jẹ̀ sì ti fọ́n dé ara pákó funfun. Wọ́n sáré gbé e lọ sílé ìwòsàn láàyè.

Gbogbo ènìyàn gbà pé Fọ́máàn ló tẹ ewé. Ó búra títí, ó ní òun kò fọwọ́ kàn án, ṣùgbọ́n kí ilẹ̀ tó ṣú, ó ti ń wo ọwọ́ ara rẹ̀ bí ẹni tí ọ̀rọ̀ ò dá lójú mọ́.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn ni Àǹtí Róbótó rí ọfà náà. Ó dá nìkan wà níwájú pákó, ó ń fi ìka tọ àwọn ọfà lọ́kọ̀ọ̀kan, ó dé orí eléyìí, ara rẹ̀ bù máṣọ. Kí ló wá ṣe? Ó mú àkísà tó fẹ́ fi nu ẹ̀jẹ̀, ó nu ẹ̀jẹ̀ náà nù, ó sì nu ọfà mọ́ ọn. Ẹ̀rù ló bà á, kò sí orúkọ mìíràn tí a lè pè é. Ó sọ fún ara rẹ̀ pé bí ara Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́ bá yá, òun á sọ̀rọ̀. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun kọjá, kò sọ̀rọ̀. Ní àárọ̀ Ọjọ́rú tí à ń wí yìí, ọ̀pá irin ń dún lára ẹ̀gbọ́n rẹ̀ nísàlẹ̀.

Ó sáré sọ̀kalẹ̀ láìwọ bàtà. Wọ́n ti wọ́ Fọ́máàn dé iwájú ẹ̀rọ ìtẹrin, wọ́n ní ibi tó ti pa ọmọ ọlọ́mọ náà ni kó kú sí.

"Ẹ fi sílẹ̀! Èmi ni! Èmi ni mo pa á!"

Wẹ́dà yíjú. "Ìwọ ta ni?"

"Àbúrò mi ni," Fọ́máàn sọ ọ́ pẹ̀lú ẹ̀jẹ̀ lẹ́nu. "Ẹ má dá a lóhùn, kò mọ ohun tó ń sọ."

"Bọ̀dá mi ò tẹ ewé," ni ó wí. "Ọfà kan wà nínú àwòrán mi. Téèyàn bá ti fa pupa, ẹ̀rọ á bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ̀ fúnra rẹ̀. Èmi ni mo yà á bẹ́ẹ̀. Ẹ dákun, èmi ni kẹ́ ẹ mú."

Wẹ́dà kì í ṣe òpè. Ó pẹ́ tó ti ń wo àwòrán kó tó jó irin. Ó rìn lọ síwájú pákó, ó fi orí ọ̀pá tọ Dúró yíká. Ọfà mẹ́rin ló rí tó wọlé síbẹ̀, kò rí ọ̀kankan tó jáde.

"Ọfà dà?"

"Mo ti nù ún."

"O ti nù ún." Ó rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín tí kò dé ojú. "Ẹ gbọ́ o. Ó fẹ́ gba ẹ̀gbọ́n rẹ̀ là, ó ní òun ti nù ún."

"Ó ṣì wà nínú ẹ̀rọ, mi ò tíì tún ètò rẹ̀ kọ! Ẹ ju irin kan sí i lẹ́nu kẹ́ ẹ fa pupa, ẹ ó rí i."

"Irin kọ́ ló jẹ lọ́jọ́ Ajé," ni Wẹ́dà wí.

Ó gbá Àǹtí Róbótó mú ní ọrùn, ó fi orí rẹ̀ gbá ìhà ẹ̀rọ lẹ́ẹ̀kan kí ó má bàa jà, ó sì ti apá ọ̀tún rẹ̀ bọ ẹnu ẹ̀rọ títí dé èjìká. Inú ibẹ̀ tutù, ó ń rùn fún òróró, ó sì ń rùn fún ohun mìíràn. Ìyá àgbàlagbà kan tó ń wọn irin níbẹ̀, òun nìkan ni kò sá nínú gbogbo wọn, bú sígbe lẹ́nu ọ̀nà. Òun ló gbá pupa ní ọjọ́ Ajé lẹ́yìn tí àwo gòkè, láti ìgbà náà ẹnikẹ́ni ò sì fọwọ́ kan ẹ̀rọ. Iná ṣì wà lára rẹ̀. Inú Dúró ló wà. Àǹtí Róbótó mọ̀ bẹ́ẹ̀ dájú.

"Ìwọ," Wẹ́dà sọ fún Fọ́máàn, "dìde, kó o fa pupa yẹn. Tí àwo bá sọ̀kalẹ̀, a jẹ́ pé o ò tẹ ewé lóòótọ́, apá àbúrò rẹ á jẹ́rìí sí ọ, a ó sì máa lọ. Tó ò bá fà á, a mọ̀ pé ìwọ ni, a ó sì parí ohun tá a bẹ̀rẹ̀."

Wọ́n gbé e dìde. Ẹsẹ̀ rẹ̀ kan ń wọ́ nílẹ̀. Ó dé ibi bọ́tìnnì, ó gbé ọwọ́ lé e, ó wá wo ojú àbúrò rẹ̀. Ó mọ ojú yẹn nígbà tó bá ń purọ́, ó sì mọ̀ ọ́n nígbà tó bá ń sọ òótọ́. Láti ọjọ́ Ajé ni kò ti sùn, tó ń bi ara rẹ̀ bóyá ọwọ́ òun ló tẹ ewé láìmọ̀. Ó wá rí i báyìí pé òun kọ́. Ìdùnnú ńlá gbáà ni, kódà láàárín ìyà yẹn, ó hàn lójú rẹ̀ fún ìgbà tí èèyàn lè fi mí lẹ́ẹ̀kan.

Ó gbé ọwọ́ kúrò lórí pupa.

"Mo tẹ ewé," ni ó wí. "Mo rí apá rẹ̀ nínú ibẹ̀, mo sì tẹ̀ ẹ́. Inú ń bí mi sí i. Ẹ yọ ọwọ́ ọmọ yẹn."

"Irọ́ ni!" ni àbúrò rẹ̀ ké. "Bọ̀dá mi, irọ́ lẹ̀ ń pa!"

Ta ló ń gbọ́? Wẹ́dà ti jù ú sílẹ̀. Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta dà bo ọkùnrin náà. Ọ̀pá bà á léjìká, egungun dún. Ọ̀pá bà á ní ìhà. Ó gbé apá bo orí, wọ́n na apá náà títí ó fi já wálẹ̀, wọ́n sì wá rí orí. Kò bẹ̀ wọ́n, kò tilẹ̀ pariwo mọ́. Àbúrò rẹ̀ fò mọ́ Wẹ́dà lẹ́yìn, ó gé e jẹ létí. Ìgúnpá Wẹ́dà bá a nímú, imú náà fọ́, ó sì ṣubú sẹ́bàá ẹ̀rọ. Nígbà tó lajú, bọ́tìnnì pupa ló wà lókè orí rẹ̀.

Ó fara ti ẹ̀rọ dìde. Ó yọjú wo ẹnu ẹ̀rọ dáadáa, kò sí ọwọ́ ẹnikẹ́ni níbẹ̀. Ó wo ẹ̀yìn, àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ṣì ń lù. Ó di pupa mú, ó fà á.

Ẹ̀rọ bú ramúramù. Àwo sọ̀kalẹ̀, ilẹ̀ mì tìtì, òkìtì irin mẹ́ta wó lulẹ̀ níta. Ọ̀pá dúró sókè lọ́wọ́ àwọn ọkùnrin náà, gbogbo wọn yíjú.

Bọ́tìnnì ewé wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ pupa, ṣùgbọ́n kò sí ọwọ́ kankan lórí rẹ̀. Àǹtí Róbótó fi ọwọ́ méjèèjì di pupa mú síbẹ̀, ẹ̀jẹ̀ imú ń ṣàn wọ ẹnu rẹ̀.

Ìyá tó ń wọn irin ló sọ̀rọ̀. "Ẹnikẹ́ni ò tẹ ewé o. Mo ń wò ó. Ẹnikẹ́ni ò tẹ̀ ẹ́."

Wẹ́dà wo ewé. Ó wo pupa. Ó wo róbótó Dúró lórí pákó, níbi tí ọfà kankan ò ti jáde, ọ̀pá sì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó kúnlẹ̀ sínú ẹ̀jẹ̀, ó gbé orí Fọ́máàn lé itan, ó ń fi apá aṣọ rẹ̀ nu ojú rẹ̀ kíákíá bí ẹni tó ṣèèṣì da omi sí àgbàlagbà lára.

"Ọ̀gá," ni ó wí. "Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́ sà. A ti rí i, ẹ̀yin kọ́. Ẹ dìde, sà. Ẹ má bínú, ẹ kàn dìde."

Ó ń bẹ̀ ẹ́ bẹ́ẹ̀, ó ń mi èjìká rẹ̀ tó ti fọ́, àwọn ọkùnrin méjì tó kù sì ti ń fi ẹ̀yìn rìn lọ sẹ́nu ọ̀nà. Àǹtí Róbótó rá dé ọ̀dọ̀ wọn. Ó gbọ́ tí Wẹ́dà ń sọ pé kí ó bá òun bẹ ẹ̀gbọ́n rẹ̀, bóyá á dá òun lóhùn. Ó na ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀, tí nǹkan kan ò ṣe, ó sì fi pa ojú ẹ̀gbọ́n rẹ̀ dé.