Rótì Sẹ̀mó Sávítírì

Ó di ọjọ́ mẹ́rin tí oúnjẹ kankan kò dúró nínú Sávítírì. Oyún oṣù mẹ́ta ló wà nínú rẹ̀. Bó ti ń jẹ ló ń bì. Ọkọ rẹ̀ ti rìnrìn àjò iṣẹ́, dókítà sì ti sọ pé bí kò bá rí nǹkan jẹ kó dúró títí di ọ̀la, ọsibítù ni yóò sùn.

Ilẹ̀kùn rẹ̀ ló kọjú sí ti Sìmíátù, ọmọ Yorùbá, nínú ilé gogoro kan ní àdúgbò Edgewater, nílùú òyìnbó. Ará gúúsù Íńdíà ni Sávítírì, kì í jẹ ẹran, kì í jẹ ẹja.

"Rótì sẹ̀mó, búrẹ́dì pẹlẹbẹ tí ìyá mi máa ń ṣe," ló wí láàárọ̀ ọjọ́ náà, "ìyẹn nìkan ni ọkàn mi ń fà sí."

Sìmíátù mú bírò, ó ń kọ bí a ṣe ń ṣe é sínú ìwé bí Sávítírì ti ń pè é. Ìwé tí wọ́n ń fi ránṣẹ́ sí i láti ìlú òyìnbó, nígbà tó wà ní Ìsẹ́yìn, ló fi kọ́ aṣọ rírán àti ìwé títẹ̀, láìfojú kan olùkọ́. Ohun tí a bá ti kọ sílẹ̀ kì í ṣòro fún un.

Sẹ̀mó tó kù nílé Sávítírì kò ju kọ́ọ̀pù mẹ́ta lọ. Òtútù January 1985 yẹn sì le débi pé ṣọ́ọ̀bù àwọn ará Íńdíà ní òpópónà Devon kò ṣí.

Sìmíátù gbé sẹ̀mó náà délé, ó gé àlùbọ́sà wẹ́wẹ́, ó gé ata tútù, ó rin atalẹ̀. Ọwọ́ rẹ̀ ti kan ike edé kó tó rántí. Ó dá a padà. Ìwé ní kó fi omi pò ó. Ó gbé omi kaná. Omi hó, ó da kọ́ọ̀pù méjì sí i, ó fa ọmọrogùn yọ, ó rò ó, ó bomi sí i, ó tún rò ó. Ìgbà tó dán tán ló tó rí ohun tó ṣe: òkèlè ló wà níwájú rẹ̀.

Jìbírílù ọkọ rẹ̀ yọjú sí kíṣìnnì. "Ìyá Kàfáyà, ọbẹ̀ wo la ó fi jẹ ẹ́?"

"Bàbá Kàfáyà, ẹ jọ̀ọ́."

"Ìwọ tí o fìwé kọ́ ohun gbogbo! Ibo ni wọ́n kọ omi gbígbóná sí?"

"Wọn ò kọ ọ́. Wọn ò sì kọ omi tútù."

"Dà á nù, kí o lo èyí tó kù."

"Kọ́ọ̀pù kan? N kì í da oúnjẹ nù."

Ó tẹ́ òkèlè náà kó lè tutù. Ó da àlùbọ́sà, ata, atalẹ̀, iyọ̀ àti wàrà kíkan díẹ̀ sí i, ó wá ń wọ́n sẹ̀mó tó kù lé e bó ti ń pò ó, títí kò fi lẹ̀ mọ́ ọn lọ́wọ́ mọ́. Ó fi òróró pa páànù tútù, ó tẹ ìṣù kan pẹrẹsẹ sí i, ó fi ìka lu ihò sí àárín kí òróró lè gba ibẹ̀ wọlé, ó sì gbé e kaná.

Àkọ́kọ́ nípọn, ó sì jóná. Ó yà á sọ́tọ̀ fún Jìbírílù. Ìwé ní páànù gbọ́dọ̀ tutù kó tó tẹ òmíràn, nítorí náà ó ṣí fèrèsé, ó gbé e lé yìnyín ẹ̀yìn rẹ̀. Ó dún ṣàà! Èkejì fẹ́lẹ́, ó pọ́n, òórùn àlùbọ́sà rẹ̀ gba ilé kan. Ó ṣe ìyókù bẹ́ẹ̀, ó sì gbé èkejì náà lọ bá Sávítírì.

Sávítírì bù ú jẹ. Ó jẹ ẹ́ lẹ́nu pẹ́.

"Èyí kọ́ ni ti ìyá mi. Ó rọ̀ jù."

Sìmíátù jókòó tì í, ó gbé abọ́ èébì lé orúnkún, ó ń wo aago. Wákàtí kan kọjá. Kò sí nǹkan kan nínú abọ́ náà.

"Ó ku mélòó?" ni Sávítírì bi í.

"Márùn-ún."

"Gbé méjì wá."

Nígbà tí Sìmíátù délé, Jìbírílù ti fi ẹ̀gúsí jẹ èyí tó jóná, ó ti nawọ́ sí òmíràn.

"Ẹ gbọ́wọ́ kúrò níbẹ̀."

"Ṣé ó dúró?"

"Ó dúró."

Ó fa ìwé náà yọ, ó wá ibi tó kọ omi sí, ó sì fi bírò kọ ọ́ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀: gbígbóná.