Òpó Róòmù Lẹ́nu Ọ̀nà Opó

Ràhímátù ń fi sáńpépà dán òpó sìmẹ́ǹtì nígbà tí fóònù rẹ̀ ké. Àárọ̀ Ọjọ́bọ̀ ni, ní ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ lójú ọ̀nà Addo. Òpó méjì ló wà níwájú rẹ̀, funfun, onílà gbọọrọ, tí orí wọn ká bí ìwo àgbò. Róòmánì pílà ni àwọn oníbàárà ń pè é. Òpó ni Ràhímátù ń pè é, nítorí òpó ni. Fàtíù ọkọ rẹ̀ ló ni mọ́ọ̀dù tó fi ń ṣe é. Nígbà tí Fàtíù kú lọ́dún mẹ́ta sẹ́yìn, obìnrin náà ká apá aṣọ rẹ̀ sókè, ó bá iṣẹ́ lọ.

Agbaṣẹ́ṣe kan tó ń jẹ́ Adébáyọ̀ ló bẹ̀ ẹ́ níṣẹ́ òpó méjì yìí. Ó ní Lakowe ni òun ń kó wọn lọ lọ́jọ́ Jímọ̀. Kò sọ ilé ẹni tó jẹ́, Ràhímátù ò sì bi í.

Yísà, ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀ tó jẹ́ olórí ilé wọn ní Lakowe, ló kọ̀wé sórí Wọ́sáàpù ẹbí: “A o yo opo kuro nile lola leyin Jimo. Ki enikeni ma binu.”

Ràhímátù kà á lẹ́ẹ̀kan. Ó kà á lẹ́ẹ̀kejì. A ó yọ opó kúrò nílé. Opó mélòó ló wà nínú ilé náà? Òun nìkan ni. Iwájú ilé yẹn ló ti ṣe opó Fàtíù fún oṣù mẹ́rin àti ọjọ́ mẹ́wàá. Ní gbogbo ìrọ̀lẹ́, á fi ẹ̀yìn ti òpó ìrókò tó wà lẹ́nu ọ̀nà yàrá rẹ̀, títí igi náà fi ń dán níbi tí ẹ̀yìn rẹ̀ ti máa ń kàn án.

Ó pe Yísà lẹ́ẹ̀mẹta, Yísà ò gbé e. Ó mú sáńpépà, ó jù ú sílẹ̀. Ó wọ ọkọ̀ kórópe lọ sílé, ó di ẹrù rẹ̀, ó tú u, ó tún un dì. Mọ̀nsúrát ọmọ rẹ̀, tó ń múra ìdánwò ìtàn, jókòó sórí ibùsùn ó ń wò ó.

“Màámi, ẹ jókòó ná. Ẹ jẹ́ kí n ka ìwé mi sí yín létí.”

Ó ní àwọn ará Róòmù kì í fi idà nìkan mú ìlú. Tí ogun bá ti parí, wọ́n á kó ọmọ àwọn ìjòyè, wọ́n á kọ́ wọn ní èdè Róòmù. Wọ́n á kọ́ ilé ìwẹ̀ sáàárín ìlú, wọ́n á gbé òpó ró sójú ọ̀nà. Kò ní pẹ́ tí àwọn tí wọ́n ṣẹ́gun yóò fi máa du aṣọ Róòmù wọ̀, wọ́n á sì máa pè é ní ọ̀làjú.

Ràhímátù dúró pẹ̀lú ìró lọ́wọ́. “Ta ló ń ṣe òpó náà fún wọn?”

Mọ̀nsúrát ṣí ìwé síwájú, ó ṣí i sẹ́yìn. “Wọn ò kọ ọ́ síbí.”

“Wọn ò ní kọ ọ́.”

Lọ́jọ́ Jímọ̀, bí wọ́n ṣe kírun tán, ọkọ̀ akẹ́rù dúró lójú ilé. Adébáyọ̀ ló kọ́kọ́ sọ̀ kalẹ̀. Òpó méjì tí Ràhímátù dán fúnra rẹ̀ ló wà lẹ́yìn ọkọ̀. Yísà ń bọ̀ láti mọ́sálásí tẹ̀rín-tẹ̀rín. Ó ṣàlàyé pé ẹ́sítéètì tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn ń la ọ̀nà tuntun gba iwájú ilé, wọ́n sì fẹ́ kí ojú ilé dára. Ọ̀fẹ́ ni. Ìdàgbàsókè ni. Ọ̀rọ̀ ńlá ńlá ṣáá ló ń tẹnu rẹ̀ jáde, Ràhímátù ò sì gba ìkankan nínú wọn.

“Bàbá Ishaq, ẹ kọ ọ́ pé ẹ ó yọ opó kúrò nílé,” ni Ràhímátù sọ fún Yísà.

Yísà wò ó, ó bú sẹ́rìn-ín. “Opó kẹ̀? Òpó ni mo kọ, ìyàwó wa! Igi yẹn!” Gbogbo àwọn tó wà níbẹ̀ rẹ́rìn-ín, Ràhímátù náà rẹ́rìn-ín. Ara rẹ̀ fúyẹ́.

Kò pẹ́ tí ojú rẹ̀ fi lọ síbi ìdí òpó tí wọ́n ń sọ̀ kalẹ̀. Òun ló ni mọ́ọ̀dù, ó mọ̀ ọ́n: ẹsẹ̀ bàtà méjì àbọ̀ ní fífẹ̀. Ó yọ téèpù, ó wọn àárín òpó ìrókò sí férémù ilẹ̀kùn rẹ̀. Ẹsẹ̀ bàtà kan péré ni; ìdí òpó tuntun á dí ẹnu ọ̀nà.

“Tí èyí bá dúró síbí, ọ̀nà wo ni mo máa gbà wọlé?”

Ẹ̀rín tán lẹ́nu Yísà. Ó wo ilẹ̀. “Yàrá ẹ̀yìn ṣófo, o lè kó síbẹ̀. A máa dí ilẹ̀kùn yìí. Mo ti bá wọn sọ ọ́.”

“Ṣé ẹ rí i,” ni Ràhímátù wí. “Ohun tí mo kà náà lẹ kọ.”

Ó jókòó, ó fi ẹ̀yìn ti òpó ìrókò. Adébáyọ̀ ní kó dìde kí iṣẹ́ lọ. Ó dá a lóhùn pé irin inú òpó mọ́ọ̀dù Fàtíù, òun nìkan ló mọ bí wọ́n ṣe ń dè é mọ́lẹ̀, àti pé tí wọ́n bá gbé e ró láìdè é, á wó lu ẹni tó bá kọ́kọ́ kí i káàárọ̀. Nígbà tó yá, Yísà fúnra rẹ̀ ní kí wọ́n máa lọ. Òpó méjèèjì sùn sílẹ̀ nínú àgbàlá, ewúrẹ́ gun ọ̀kan.

Ọjọ́ Àìkú ni Mákánjúọlá aládùúgbò wá, ó ń fọwọ́ pa ìwo àgbò orí òpó náà. “Ìyá Mọ̀nsúrát, tí ẹ̀yin ò bá fẹ́ ẹ, ojú ilé tèmi gbà á.” Kó tó di Ọjọ́rú, ilé mẹ́ta mìíràn ní Lakowe ti wá bẹ̀ ẹ́ pé kó ṣe tiwọn. Kò sẹ́ni tó fipá mú wọn.

Ràhímátù po sìmẹ́ǹtì. Iṣẹ́ ni. Ṣùgbọ́n ní gbogbo ilé tó bá dé, kó tó sọ ọ̀rọ̀ kankan, á yọ téèpù, á wọn ẹnu ọ̀nà tó sún mọ́ òpó, á wá béèrè pé, “Ta ló ń sùn nínú yàrá yìí?”