Àsíá Bogomir

Ní àfonífojì wa, kò sí ẹni tó ń pe Lovro ní orúkọ tí wọ́n fún un ní ṣọ́ọ̀ṣì. Àkàbà ni tọmọdé tàgbà ń pè é. Nígbà tó wà lọ́dọ̀ọ́, ó gun òkè ìfò, òkè tí wọ́n kọ́ fún ìdíje fífò lórí yìnyín, lọ lójú gbogbo ìlú, ó jókòó sórí igi gbọọrọ tí àwọn eléré máa ń jókòó lé kí wọ́n tó yọ̀ sílẹ̀ lórí yìnyín, ó wo ìsàlẹ̀, ó sì dìde. Ó gbé síkì rẹ̀, pákó gígùn méjì tí wọ́n ń dè mọ́ ẹsẹ̀ láti fi yọ̀ lórí yìnyín, lé èjìká, ó gba àkàbà ẹ̀gbẹ́ òkè sọ̀kalẹ̀. Ohun tó ṣe kò ju ìyẹn lọ. Láti ìgbà náà ó ti gbéyàwó, ó ti kọ́lé, irun rẹ̀ ti funfun, òun ló sì ń wa ẹ̀rọ tó ń tẹ yìnyín òkè náà kó lè tẹ́jú fún àwọn tó ń fò. Síbẹ̀, àwọn ọmọ tí ìyá wọn kò tíì lóyún wọn lọ́jọ́ náà ni wọ́n ń kígbe tẹ̀lé e pé, "Àkàbà, ẹ kú iṣẹ́ o! Ẹ rọra máa sọ̀kalẹ̀ nínú ẹ̀rọ yẹn o, ó ga!" Lovro á rẹ́rìn-ín. Eyín rẹ̀ nìkan ló máa ń rẹ́rìn-ín náà; ìyókù ojú rẹ̀ kì í bá wọn dá sí i.

Ìlú tó lè fi ọ̀pọ̀ ọdún rántí ìṣẹ́jú kan nínú ayé ọmọ ènìyàn, tí kò sì rántí ohunkóhun tí ó ṣe lẹ́yìn rẹ̀, ìlú náà ló yẹ kí ojú tì. Ṣùgbọ́n àbúrò mi Jošt ni ojú ń tì, kó tó ṣe nǹkan kan rárá.

Bí eré náà ṣe rí nìyí. Eléré á jókòó sórí igi, iná aláwọ̀ ewé á tàn, kóòṣì rẹ̀ á sì dúró sórí pèpéle àwọn kóòṣì, nísàlẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ etí òkè, pẹ̀lú àsíá lókè. Bí atẹ́gùn bá dára, kóòṣì á ju àsíá sílẹ̀, ọmọ á sì jọ̀wọ́ igi, á yọ̀ dé etí òkè, á ta ara rẹ̀ sókè, á fò. Bí àsíá kò bá wálẹ̀ títí àkókò fi tán, iná á pọ́n, wọ́n á sì yọ ọmọ náà kúrò nínú ìdíje. Ìyẹn kì í ṣe ẹ̀bi ọmọ. Wọ́n á ní atẹ́gùn ni, tàbí kóòṣì ló ṣe é. Bogomir, tó kọ́ gbogbo ọmọ àfonífojì wa, ti ń sọ ọ́ sí wọn létí láti ìgbà tí síkì ti ga jù wọ́n lọ: "Má wo òkè, má wo ìsàlẹ̀. Àsíá mi ni kó o máa wò. Èmi ni mò ń ronú, ìwọ ni ò ń fò."

Nígbà tí mo parí ẹ̀kọ́ mi nípa ìrònú àti ìhùwà ẹ̀dá ní Ljubljana, olú-ìlú wa, tí mo padà sílé, mo bá Jošt ní gbígbẹ bí igi ìdáná. Kò sí ẹni tó bẹ̀rù fún un. Nínú eré yìí, ẹni tó fúyẹ́ ló ń fò jìnnà. Nítorí náà, ìyìn ni wọ́n fi ń pàdé rẹ̀ lójú ọ̀nà. "Wo bó ṣe fúyẹ́! Ọdún yìí, tiwa ni!" Ọmọ tí kò lè jẹun ni wọ́n ń kí kú orí ire.

Ilé ìdáná ló ti sọ fún mi, nígbà tí a jọ ń bó ọ̀dùnkún.

"Ẹ̀gbọ́n mi, tí mo bá ti jókòó sórí igi yẹn, ọwọ́ mi kì í ṣe tèmi mọ́."

"Ẹ̀rù ni?"

"Ẹ̀rù kọ́. Mo mọ ẹ̀rù, àtọmọdé la ti jọ ń fò. Èyí yàtọ̀. Ó dà bíi pé ẹnì kan ti kú sínú mi, èmi ni wọ́n sì ní kí n máa gbé òkú rẹ̀ gun òkè ní gbogbo àárọ̀."

Mo béèrè ohun tó fà á. Ó ní kò sí. Kò ṣubú, kò sí ọ̀rẹ́ rẹ̀ tó kú, kò sí ọmọbìnrin tó já a sílẹ̀. Ó kàn dé ni, nígbà òtútù tó kọjá, kò sì lọ mọ́.

"Máà fò níbi ìdíje Sọ́ńdè, nígbà náà. Sọ̀ kalẹ̀."

Ó rẹ́rìn-ín. "Kí n di Àkàbà Kékeré? Kí Màmá lọ ra búrẹ́dì, kí wọ́n máa kí wọn ní Ìyá Àkàbà? Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ ti pẹ́ ní Ljubljana jù."

"Kí lo wá fẹ́?"

Ó fi ọ̀bẹ sílẹ̀. "Kí Kóòṣì má ju àsíá. Kí wọ́n mú un dání títí iná á fi pọ́n. Kò sí ẹni tó máa pè mí ní nǹkan kan. Ẹ bá mi bẹ̀ wọ́n. Tí èmi bá lọ, mi ò ní lè sọ ọ́."

Kí n tó lọ, mo ṣe ohun tí wọ́n ní kí a máa ṣe. Ní yàrá ìmúra àwọn eléré, ẹgbẹ́ eléré lẹ ìwé aláràbarà kan mọ́ ògiri: "Má dá ẹrù rẹ rù. Pè wá." Mo pè wọ́n. Obìnrin tó dá mi lóhùn níwà pẹ̀lẹ́ púpọ̀. Ó ní àwọn tó wà nínú ẹgbẹ́ orílẹ̀-èdè ni onímọ̀ ìtọ́jú ọkàn tí àwọn ní wà fún. Kí àwọn yòókù sọ fún kóòṣì wọn, kí kóòṣì sì bá wọn béèrè. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Títí di òní ni inú ń bí mi pé mo dúpẹ́.

Mo bá Bogomir nínú ahéré rẹ̀, níbi tó ti ń fi àyọ́n gbígbóná yọ́ ìda sí abẹ́ síkì kó lè máa yọ̀ dáadáa.

"Ẹ káàsán o, Kóòṣì."

"Háà, ọ̀mọ̀wé wa! Ṣé o ti wo ọpọlọ gbogbo ará Ljubljana tán, tèmi ló wá kù?"

"Ti Jošt ni mo bá wá. Ara rẹ̀ ò yá."

Ó gbé àyọ́n kúrò kíákíá. "Orúnkún?"

"Rárá, sà."

"Ẹ̀yìn? Mo ti sọ fún un nípa ẹ̀yìn yẹn!"

"Ọkàn rẹ̀ ni, Kóòṣì."

"Áà." Ó dá àyọ́n padà sórí síkì. "O já mi láyà lásán. Ta ni ọkàn rẹ̀ ń dùn? Ìyàwó mi ní ọkàn òun ò dùn, ó sì ń dáná."

Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún un láìfi ọ̀kan pamọ́: àìsùn, èébì lórí àtẹ̀gùn òkè, òkú tó ń gbé. Bí mo ṣe ń sọ ọ́, ọwọ́ rẹ̀ ń falẹ̀, títí ó fi dúró. Èmi kò ní parọ́ mọ́ ọn: ó fẹ́ràn Jošt. Òun ló fi ọwọ́ ara rẹ̀ so síkì àkọ́kọ́ mọ́ ọn lẹ́sẹ̀ lẹ́yìn tí bàbá wa kú.

"Kí ló ní kí n ṣe?"

"Kí ẹ má ju àsíá ní Sọ́ńdè. Lẹ́yìn ìyẹn, kí ẹ fún un ní ìsinmi."

Ó gbé àyọ́n sílẹ̀. "Ó dáa. Kó gun òkè, kó jókòó, kí ojú má tì í. Mi ò ní jù ú."

"Ṣé ẹ ṣèlérí?"

"Ọmọ yìí, ṣé ẹjọ́ lo wá bá mi rò ni? Mo ní mi ò ní jù ú."

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ Àìkú, Jošt jẹ búrẹ́dì. Ó fi bọ́tà sí i. Màmá dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n ń wò ó bí ẹni ń wo ẹyẹ tó bà sójú fèrèsé, wọn kò sì mira kó má bàa fò lọ. Ó tún fi àwọn bàtà mi ṣe yẹ̀yẹ́. Mo rò lọ́kàn mi pé: gbogbo ohun tó nílò nìyí, kí ẹnì kan gbà fún un.

Gbogbo ìlú ti pé sísàlẹ̀ òkè, pẹ̀lú agogo màlúù lọ́wọ́ láti fi yẹ́ àwọn eléré sí, àti tíì gbígbóná nínú ife. Jošt jókòó sórí igi. Láti ibi tí mo wà, mo rí i pé èjìká rẹ̀ rọ̀. Iná aláwọ̀ ewé tàn. Bogomir gbé àsíá sókè, ó mú un dání. Atẹ́gùn ti ń ti ẹ̀yìn fẹ́ láti àárọ̀, èyí tó burú fún ẹni tó fẹ́ fò. Àkókò ń lọ. Mo ti ń mí dáadáa. Nígbà náà ni àwọn aṣọ pẹlẹbẹ tí wọ́n so sẹ́gbẹ̀ẹ́ òkè láti fi mọ atẹ́gùn yí padà, gbogbo wọn lẹ́ẹ̀kan náà. Atẹ́gùn ti bẹ̀rẹ̀ sí í fẹ́ láti iwájú, ó ń gbéra láti abẹ́ òkè bọ̀, irú èyí tó ń gbé eléré fò jìnnà, tí kóòṣì ń fi gbogbo ayé rẹ̀ dúró dè.

Àsíá wálẹ̀.

Ọwọ́ Jošt sì jọ̀wọ́ igi. Ara tí wọ́n ti kọ́ láti kékeré pé kó má ronú gbọ́ràn kí ọkàn tó mọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Ó fò. Ó fò kọjá ìlà tí ẹnikẹ́ni ti balẹ̀ sí rí lórí òkè wa, ó sì balẹ̀ láìmì. Àwọn ènìyàn gbé e lé èjìká, agogo ń dún, Bogomir sáré dé, omi ń jáde lójú rẹ̀.

"Ọ̀mọ̀wé! Ṣé o rí i? Oògùn rẹ̀ nìyẹn!"

Jošt wò ó láti orí èjìká àwọn tó gbé e. "Kóòṣì, ẹ ṣèlérí."

"Atẹ́gùn dé, ọmọ mi. Atẹ́gùn dé, ọwọ́ mi kàn sọ̀ kalẹ̀ fúnra rẹ̀ ni. Ìwọ náà ṣáà mọ̀ bó ṣe máa ń rí!"

Wọ́n mú un sínú ẹgbẹ́ orílẹ̀-èdè. Ní báyìí, ó ti lẹ́tọ̀ọ́ sí onímọ̀ tí ìwé ara ògiri yẹn ń polówó. Mo pè é fúnra mi. "Ẹni tó fò bẹ́ẹ̀ yẹn?" ni ọkùnrin náà béèrè. Ó ní tí sáà ìdíje bá parí, òun á wá àyè fún un.

Jošt gbọ́ ohun tí mo sọ lórí fóònù. "Ṣé ẹ rí i, ẹ̀gbọ́n mi? Tí mo bá pàdánù ni, bóyá ẹnì kan ì bá gbà mí gbọ́."

Níbi ìdánrawò tó tẹ̀lé e, ó gun òkè, ó jókòó, àsíá wálẹ̀, ó yọ̀ sílẹ̀. Ní etí òkè, níbi tó yẹ kó ti ta ara rẹ̀ sókè, kò ta á. Ó já bọ́ bí àpò tí wọ́n jù sílẹ̀ láti orí ọkọ̀. Lovro ló kọ́kọ́ fi ẹ̀rọ rẹ̀ dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Gbogbo àwọn tó dé lẹ́yìn ń béèrè bó ṣe ṣubú. Lovro nìkan ni kò béèrè. Ó bọ́ kóòtù rẹ̀, ó fi bò ó.

Itan rẹ̀ ló kán. Bí ìròyìn ṣe tàn, gbogbo àfonífojì rọ́ wá sílé ìwòsàn. Wọ́n gbé ọsàn wá, wọ́n gbé àkàrà òyìnbó tí wọ́n ká àsálà sínú rẹ̀ wá. Aṣojú ẹgbẹ́ eléré wá pẹ̀lú òdòdó. "Sinmi o, Jošt. Ìlera rẹ ló ṣáájú. Bó ti wù kó pẹ́ tó, a máa dúró dè ọ́." Mo ní láti jáde kúrò nínú yàrá náà, kí n má bàa ju òdòdó náà mọ́ ọn. Ọmọ tí ẹnikẹ́ni kò lè fún ní ọjọ́ kan nítorí ọkàn rẹ̀, wọ́n fún un ní gbogbo ọjọ́ tó kù nínú ọdún nítorí egungun.

Ó sùn. Ó jẹun. Ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í padà. Nígbà tí ó ku èmi àtòun, mo béèrè.

"Mi ò ṣubú, ẹ̀gbọ́n mi," ó wí, ó ń bó ọsàn. "Mi ò fò ni."

"O lè kú, Jošt."

"Mo mọ̀." Ó fún mi ní ìdajì ọsàn náà. "Ìyẹn náà á ti dáa."

Mo sáré lọ bá dókítà, mo sọ ọ̀rọ̀ náà bó ṣe sọ ọ́. Ó na ọrùn wo inú yàrá, níbi tí Jošt ti ń bá àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ta káàdì. "Ẹni tó ń rẹ́rìn-ín yẹn? Arábìnrin, egungun ni tèmi. Àmọ́ màá kọ ọ́ sílẹ̀ fún àwọn tó kàn." Mo lọ bá àwọn tó kàn. Wọ́n ní kí a máa retí ìpè. Mo ń lọ síbẹ̀ títí di ìsinsìnyí. Wọ́n ti mọ ohùn mi.

Nígbà tí yìnyín ti yọ́ tán lórí àwọn òkè, dókítà wọlé pẹ̀lú àwòrán egungun, ó gbé e sí ojú fèrèsé kí gbogbo wa lè rí i. Màmá wà níbẹ̀, àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ wà níbẹ̀, Bogomir jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ibùsùn, ó ti fọ àsíá rẹ̀, ó fi àyọ́n lọ̀ ọ́, ó sì tẹ́ ẹ sórí ẹsẹ̀ Jošt bí ẹ̀bùn.

"Ẹ wò ó bó ṣe so pọ̀!" ni dókítà wí. "N kì í sábà rí irú rẹ̀. Kí yìnyín tó padà dé, á ti wà lórí igi."

Wọ́n pàtẹ́wọ́. Màmá mi fi orúkọ Ọlọ́run dúpẹ́. Jošt tẹjú mọ́ àwòrán náà, ojú rẹ̀ sì ń fà ro díẹ̀díẹ̀.

"Ṣé kò lè pẹ́ díẹ̀ sí i, dókítà?"

Gbogbo yàrá bú sẹ́rìn-ín. Bogomir ló rín jù; ó gbá a léjìká, ó ní, "Ọ̀lẹ ọmọ yìí!" Jošt náà bá wọn rẹ́rìn-ín. Eyín rẹ̀ nìkan ló rín in, gẹ́lẹ́ bí Lovro ṣe máa ń rín tirẹ̀.