Àwọn Tó Dúró De Dọ́káàsì

Wúrà ti ilẹ̀kùn mọ́ Rahmah lójú, ó sì fi ẹ̀yìn tì í bí ẹni pé ọmọ náà fẹ́ fi agbára wọlé. Rahmah kò kan ilẹ̀kùn. Ó dúró síta nínú òjò wínniwínni, Wúrà sì ń gbọ́ bó ṣe ń fa imú.

"Mọ́mì, I swear, mi ò fẹ́ kẹ́ ẹ gbọ́ ọ lẹ́nu ẹlòmíràn ni."

Lẹ́yìn náà ni ó sọ̀ kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn.

Ọ̀rọ̀ tí ọmọbìnrin náà bá wá kò gùn: ọkùnrin kan fẹ́ fẹ́ ẹ, òun náà sì ti ń rò ó láti gbà. Bẹ́ẹ̀ Máyọ̀kún, ọmọ kan ṣoṣo tí Wúrà bí, ló ti kọ́kọ́ tọrọ rẹ̀ lọ́wọ́ àwọn òbí rẹ̀. Ẹnjiníà ni Máyọ̀kún nínú ọkọ̀ òkun akẹ́rù. Ọdún kẹrin rèé tí ọkọ̀ náà bọ́ sínú ìjì nísàlẹ̀ ilẹ̀ Áfíríkà, tí wọn kò rí ohunkóhun tó léfòó, tí wọn kò rí òkú kankan. Àwọn alàgbà ìjọ Aládùúrà tí Wúrà ń lọ ní kí àwọn ṣe ìsìn ìrántí fún un. Ó bi wọ́n pé ta ló kú? Láti ọjọ́ náà ni kò ti wọ sùtánà rẹ̀ mọ́.

Àwọn àgbà a máa sọ pé ọmọ ẹni kú sàn ju ọmọ ẹni nù lọ. Òwe yẹn máa ń bí Wúrà nínú. Ẹni tó nù ṣì lè padà. Ìrètí yẹn ló ń bá a gbé nínú fúláàtì rẹ̀ ní Thames View, ní London, òun ló ń bá a jókòó sídìí tẹlifíṣọ̀n, nígbà tí kò sẹ́ni tó ń kan ilẹ̀kùn rẹ̀ mọ́ àfi Rahmah. Rahmah náà ló wá fẹ́ lọ yìí.

Ilé kò gbà á. Ó gbé kóòtù wọ̀, ó wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Barking láìmọ ohun tó fẹ́ lọ ṣe níbẹ̀. Nígbà tí òjò le sí i, ó yà sí ilé ìkàwé, ó bá àwọn èèyàn díẹ̀ tí wọ́n jókòó yí bàbá òyìnbó kan ká. Ẹnì kan fa àga sílẹ̀ fún un. Ó jókòó, torí pé ibẹ̀ móoru.

Sylvanus ni wọ́n ń pe bàbá náà. Ìtàn ọkọ̀ ojú omi àtijọ́ kan tó ń jẹ́ Dọ́káàsì ló ń sọ. Ó ní etí odò Thames yìí ni wọ́n ti kàn án, láyé ìgbà tí afẹ́fẹ́ ṣì ń ti ọkọ̀. Òkun gúúsù ló ń lọ, níbi tí yìnyín ti ń léfòó bí òkè, ó ń ṣọdẹ àbùùbùtán. Àwọn atukọ̀ a fi ọ̀kọ̀ gún ẹja ńlá náà, wọn a gé e, wọn a yọ́ ọ̀rá rẹ̀ nínú agbada lórí ọkọ̀ níbẹ̀, èéfín a sì bo gbogbo wọn. Òróró yẹn ló ń tan àtùpà ní London. Ẹni tó bá fi ìyàwó sílẹ̀ nínú oyún, ọmọ á ti máa sáré kiri kó tó dé. Nígbà tí ogun bẹ́, àwọn Faransé gba ọkọ̀ náà, àwọn Gẹ̀ẹ́sì tún gbà á padà. Wọ́n fọ òórùn ẹja kúrò lára rẹ̀, wọ́n sọ ọ́ di ọkọ̀ oníṣòwò, ó wá ń kó ṣúgà tí àwọn ẹrú fi òógùn wọn ṣe láti Jàmáíkà.

"Ìrìn àjò tó rìn kẹ́yìn," Sylvanus wí, "ó gbéra tòun ti ẹrù. Ọkọ̀ mìíràn rí i lókèèrè, wọ́n juwọ́ síra wọn. Ó parí síbẹ̀. Kò sẹ́ni tó rí i mọ́."

Àwọn èèyàn pàtẹ́wọ́. Wúrà na ọwọ́ sókè bí ọmọ iléèwé.

"Àwọn ìyàwó wọn ńkọ́? Ìgbà wo ni wọ́n tó ṣíwọ́ dídúró?"

Bàbá náà yọ awò ojú rẹ̀. "Ọkọ̀ la máa ń tọpa, màdáámù. Àwọn tó wà nílé, a ò mọ tiwọn. Àwọn kan á ti fẹ́ ọkọ mìíràn. Àwọn kan á ti máa lọ sétí omi títí wọ́n fi darúgbó."

"Àwọn ọmọge tí wọn ò tíì fẹ́ sílé ńkọ́?"

"Bákan náà ni," ó wí pẹ̀lẹ́.

Lọ́kàn rẹ̀, Wúrà rí Rahmah létí omi, tí irun ń funfun lábẹ́ híjáàbù rẹ̀. Ó sì rí ara rẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọmọ náà, tó di aṣọ rẹ̀ mú kó má baà lọ.

Ọkọ̀ ojú irin kò pẹ́ láti Barking dé Upney, níbi tí Rahmah ń gbé. Rahmah fúnra rẹ̀ ló ṣílẹ̀kùn, ojú rẹ̀ wú. Ó kúnlẹ̀ níbi tó dúró sí.

"Dìde, ilẹ̀ tutù."

Rahmah po tíì fún un. Wọ́n jókòó.

"Kí lorúkọ ẹ̀?" Wúrà béèrè níkẹyìn.

"Habeebullah, mà. Bọ́ọ̀sì ló ń wà."

"Ṣé ó máa ń jẹ́ kó o dárúkọ Máyọ̀kún?"

"Òun gan-an ló máa ń ní kí n sọ nípa rẹ̀."

Wúrà mu tíì díẹ̀. "Fẹ́ ẹ."

Ọmọ náà bú sẹ́kún. Ó fi etí híjáàbù rẹ̀ nu ojú. "Mọ́mì, tó bá wá padà dé ńkọ́? Tó bá wá bá mi nílé ọkọ?"

Ìbéèrè tí Wúrà fi ń pa gbogbo èèyàn lẹ́nu mọ́ gan-an nìyẹn. Ó la ẹnu láti dá a lóhùn. Kí ọkàn ọmọ náà lè balẹ̀ ni gbogbo ohun tó ń wá.

"Kò ní rí ẹ bí ọ̀dàlẹ̀. Máyọ̀kún kì í bínú pẹ́ nígbà ayé rẹ̀."

Rahmah gbé ojú sókè wò ó. Wúrà náà ti gbọ́ "nígbà ayé rẹ̀" tó tẹnu òun jáde. Ó fẹ́ kó ọ̀rọ̀ náà jẹ, kò ṣeé kó mọ́. Ó gbé ife kalẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ó ń dúró kí ọ̀rọ̀ náà korò lẹ́nu òun, ṣùgbọ́n kò korò.