Ojú Ọ̀run Orvane

Obìnrin kan ti gbé ìwé tó fẹ́ kí Ghislain ya àwòrán sí kalẹ̀, ó ti ṣí àpótí ọ̀dà kékeré kan síwájú rẹ̀, ó sì ti fi búrọ́ọ̀ṣì lé e lọ́wọ́ kí ó tó rí ọ̀nà àtikọ̀.

"Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ya ọkọ̀ òfurufú fún mi. Ojú ọ̀run Orvane ni mo fẹ́. Pupa yẹn gan-an. Láti kékeré ni mo ti ń fi í lálàá."

Ghislain wo inú àpótí, ó wo àga tó ṣófo lápá òsì rẹ̀. Ọdọọdún ni Josiane ìyàwó rẹ̀ máa ń jókòó síbẹ̀ nínú àgọ́ ìpàtẹ ìwé ní Namur yìí, tí yóò máa rọra ti ọ̀dà tó yẹ sún mọ́ ọn, bí ẹni tó kàn ń tún tábìlì ṣe. Lóòótọ́, Ghislain ló ń ya àwọn ìlú inú ìràwọ̀, bí Orvane, sínú ìwé àwòrán tí wọ́n fi ń kan sáárá sí i láti Brussels dé Paris. Ṣùgbọ́n àtìgbà tí wọ́n ti bí i ni ojú rẹ̀ kò ti mọ pupa yàtọ̀ sí àwọ̀ ewé. Josiane ló ń kun gbogbo rẹ̀. Orúkọ Ghislain nìkan ló ń wà lára èèpo ẹ̀yìn ìwé.

Láàárọ̀ yìí, ó ti wọ kóòtù tán, ìyàwó rẹ̀ ṣì ń mu kọfí.

"O ò ní í múra ni?"

"Mo ti rí èèpo ẹ̀yìn ìwé tuntun, Ghislain. O ṣèlérí pé orúkọ tèmi náà yóò wà níbẹ̀. Máa lọ, ṣebí ojú ọ̀run tìẹ ni."

Kò pariwo, ìyẹn gan-an ló dun ọkùnrin náà. Ojú tì í, àmọ́ ẹ̀rù bà á ju ìtìjú lọ. Ta ni yóò ka ayàwòrán tí kò mọ àwọ̀ sí?

Bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ni òtítọ́ ń bá a. Tirẹ̀ ti lé ní ọgbọ̀n. Ó ki búrọ́ọ̀ṣì bọ ọ̀kan nínú àwọn ọ̀dà náà, ó sì fara balẹ̀ fi kun ojú ìwé náà.

"Ọ̀gá," obìnrin náà fọhùn jẹ́jẹ́, "àwọ̀ ewé lẹ kùn."

Édith, aṣojú àwọn tó ń tẹ ìwé rẹ̀, ti na ọrùn. "Ẹ wá wò ó! Orvane ti hu ewé! Ta ló ní ọ̀gá wa ti darúgbó?"

Àwọn èrò pàtẹ́wọ́. Ọkùnrin kan tí àkàrà òyìnbó kún ẹnu rẹ̀ ní, "Tèmi náà, àwọ̀ ewé o! Ẹ má yàn mí jẹ!"

Ẹ̀rín músẹ́ lásán ì bá ti tó fún un láti fi bọ́ nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n àtẹ́wọ́ tí wọ́n máa ń pa fún iṣẹ́ Josiane náà ni wọ́n ń pa fún àṣìṣe yìí, ọkàn Ghislain sì bàjẹ́. Obìnrin tó ni ìwé nìkan ni kò pàtẹ́wọ́. Òun nìkan ló mọ pupa náà.

"Ìyá, ẹ má bínú," Ghislain ní. "Mi ò mọ àwọ̀. Èyí nìkan ni mo kùn rí láyé mi. Gbogbo ìyókù, ìyàwó mi ni."

Édith fa ọrùn padà. Obìnrin náà wo ojú ọ̀run aláwọ̀ ewé yẹn, ó tún wo Ghislain.

"Ìyàwó yín dà? Àwọn gan-an ni mo fẹ́ kí."

Ghislain yíjú sí àga tó ṣófo náà. Gbogbo ọdún tí Josiane fi jókòó síbẹ̀, kò sẹ́ni tó bèèrè rẹ̀ rí.