Ẹṣin Tó Ta Gàní Nípàá

Kò sẹ́ni tí ò gbọ́ l'Ọ́jà Tuntun pé ẹṣin ta Gàní nípàá. Ẹṣin ọ̀hún ga ju ilé pẹtẹ́ẹ̀sì lọ, bó bá mí, páànù ilé á ṣí. Gàní ló sọ bẹ́ẹ̀, ẹsẹ̀ ẹ̀ sì wú tó odó.

L'ọ́sibítù, wọ́n fẹ̀rọ ya àwòrán eegun ẹ̀. Dókítà Bọ́sẹ̀dé gbé àwòrán náà sójú iná.

"Abdulganiyu, kí ló ṣe ẹ́?"

"Ẹṣin ni, mà."

"Eegun tẹ́ṣin bá ta, ìbú ló máa ń dá, bí ìgbà tí wọ́n ṣẹ́ ìrèké. Tìẹ yìí lọ́ yípo bí okùn. Ẹsẹ̀ ẹ há síbì kan, ara ẹ wá yí. Wàá sùn sí wọ́ọ̀dù, a ó so nǹkan wúwo mọ́ ọn kó má baà wọ́."

"Àwòrán ò sí níbẹ̀, mà. Èmi ni mo wà níbẹ̀."

Ká sòótọ́, àgbò Láníyọnu aládùúgbò wọn ló lé e. Gàní fo ọgbà, ẹsẹ̀ ẹ̀ há sáàárín búlọ́ọ̀kù. Ṣùgbọ́n àgbò á wá lé akọni bíi Gàní? Ojú wo ni yóò fi wọ ọjà?

"Ìyá mi, ẹ gbé mi kúrò níbí. Wọ́n ń fẹ̀rọ pè mí lópùrọ́."

Asabe, ìyá ẹ̀, gbé e lọ sọ́dọ̀ Bàbá Mohammed tó ń to eegun lábúlé. Bàbá á dá ẹsẹ̀ adìẹ, á tọ́jú adìẹ ọ̀hún àti aláìsàn pọ̀. Ọjọ́ tádìẹ bá rìn, aláìsàn á dìde.

"Bí tìẹ ṣe dá ni tadìẹ gbọ́dọ̀ ṣe dá," Bàbá ní. "Bó bá yàtọ̀, adìẹ á rìn, ìwọ á máa tiro. Kí ló ṣe ẹ́?"

"Ẹṣin."

Bàbá di adìẹ mú, ó gbé òkúta sókè bíi pátákò ẹṣin. Gàní wo ẹsẹ̀ adìẹ, ó wo tiẹ̀.

"Bàbá, ẹ dúró. Lílọ́ ni kẹ́ ẹ lọ́ ọ."

"Ẹṣin wo ló ń lọ́ni lẹ́sẹ̀?"

"Àgbò ni. Ẹ fi adìẹ yẹn sílẹ̀. Ẹ gbé mi padà sọ́dọ̀ dókítà."

Asabe rẹ́rìn-ín títí ìborùn ẹ̀ fi bọ́.

Ní wọ́ọ̀dù, wọ́n so ẹsẹ̀ ẹ̀ rọ̀. Dókítà ní, "Ẹṣin ńkọ́?"

"Àgbò ni, mà. Ṣùgbọ́n ó tó ẹṣin. Bẹ́ ò bá gbà, ẹ lọ ya òun náà láwòrán."