Ilé Ọ̀kẹ́ Kan Orí

Èmi ni mo fẹ́ ilé náà. Mo fẹ́ kí ẹ ti mọ̀ bẹ́ẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má baà di ẹ̀bi ru ọkọ mi. Ọdún mẹ́rìndínlógún la ti ń gbé inú yàrá méjì tí onílé wa gbọ́dọ̀ gbà kọjá kó tó lè dé ilé ìwẹ̀ rẹ̀. Á kan ilẹ̀kùn lẹ́ẹ̀kan, kò ní dúró gbọ́ ìdáhùn, á ró táwẹ́lì mọ́dìí, á gba àárín wa kọjá, á ní, "Ẹ kú ìjókòó o." Mo mọ ẹ̀yìn ọkùnrin yẹn ju bí mo ṣe mọ ojú rẹ̀ lọ.

Nítorí náà, nígbà tí wọ́n fi ilé oníyàrá mẹ́ta kan hàn wá ní òpópónà kejì, tí ilé ìdáná rẹ̀ ní fèrèsé, tó ní ẹ̀rọ omi tirẹ̀, tí ilé ìwẹ̀ rẹ̀ kì í ṣe ọ̀nà ẹnikẹ́ni, mi ò bèèrè ohun púpọ̀. Kí ẹni tó mú wa lọ tó parí ọ̀rọ̀, mo ti fi apá wọn fèrèsé. Mo ti mọ àwọ̀ kọ́tìnnì tí n ó ta síbẹ̀.

Owó ilé náà ò pé lọ́wọ́ wa. Ìyókù wà lọ́wọ́ báńkì, báńkì sì rán ọ̀dọ́mọkùnrin kan sí wa. Irun orí rẹ̀ pọ̀, ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀ funfun, wọ́n sì lọ̀ ọ́ dáadáa. Alágbàfọ̀ ni mí, mo mọ ohun tí mò ń sọ. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló wà lẹ́nu rẹ̀: "Ẹ ó kàn máa san án díẹ̀díẹ̀ ni, mà." Bí a bá bèèrè nípa èlé, díẹ̀díẹ̀. Bí a bá bu omi fún un, á ní ká bù ú díẹ̀díẹ̀. Kó tó kúrò nílé wa lọ́jọ́ náà, Díẹ̀díẹ̀ ti di orúkọ rẹ̀.

"Díẹ̀díẹ̀ náà ni imú ẹlẹ́dẹ̀ ń wọgbà," ni baba ọkọ mi sọ nígbà tó lọ tán. Mo ṣe bí ẹni tí kò gbọ́.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí ọkọ mi ṣe ń ka nǹkan fún yín. Onígbàjámọ̀ ni, baba rẹ̀ ló kọ́ ọ níṣẹ́, kò sì mọ owó mìíràn yàtọ̀ sí orí. Bí mo bá ra nǹkan wọlé, á ní, "Orí mélòó?" Bàtà tí mo wọ̀ lọ sí báńkì, orí mẹ́fà ni. Fíríìjì wa, ọgọ́sàn-án orí, kò sì tíì gbàgbé ìkankan nínú wọn. Nígbà tí mo bá pè é ní olówó orí mi, á ní orí tèmi nìkan ni òun sanwó lé rí, gbogbo orí yòókù ló ń sanwó fún òun.

Nígbà tí ìwé báńkì dé, ó yí i padà sí orí lójú ẹsẹ̀. Orí mẹ́tàdínláàádọ́rin lóṣù. Inú mi dùn, torí owó tí à ń san fún onílé alátáwẹ́lì ò fi bẹ́ẹ̀ dín sí i.

Bàbá ló ba adùn náà jẹ́. Ọ̀dọ̀ wa ni wọ́n ń gbé. Ẹni ọdún mọ́kànléláàádọ́rin ni wọ́n, ó sì ti pé ọdún mẹ́ta tí wọ́n ti gbé abẹ sílẹ̀.

"Gbogbo ẹ̀ pátá jẹ́ mélòó?" wọ́n bèèrè.

"Mẹ́tàdínláàádọ́rin lóṣù, Bàbá."

"Mo gbọ́ ìyẹn. Tí ẹ bá wá san án tán ńkọ́?"

Èmi àti ọkọ mi wo ara wa. A ò bi Díẹ̀díẹ̀ ní ìbéèrè yẹn, òun náà ò sì sọ ọ́. Ọkọ mi mú bébà, ó ṣírò rẹ̀, ó pa á rẹ́, ó tún ṣírò rẹ̀. Orí ẹgbẹ̀rún mẹ́sàn-án ni ilé náà. A ní ẹgbẹ̀rún kan nílẹ̀, báńkì á yá wa ní ẹgbẹ̀rún mẹ́jọ. Ọdún márùndínlọ́gbọ̀n la ó fi san án. Ohun tí a ó san padà jẹ́ ẹgbẹ̀rún lọ́nà ogún, ó lé ọgọ́rùn-ún.

"Ọ̀kẹ́ kan," ni Bàbá wí. "Ọ̀kẹ́ kan orí lẹ fẹ́ gé."

Ó pẹ́ tí mo ti gbọ́ ọ̀rọ̀ yẹn gbẹ̀yìn. Bí wọ́n ṣe sọ ọ́, ńṣe ni mo rí àpò ńlá kan lójú mi, tí orí kún inú rẹ̀ dẹ́nu.

"Ẹgbẹ̀rún mẹ́jọ ni mo yá," ọkọ mi ní. "Ẹgbẹ̀rún méjìlá yòókù, ilé wo ni wọ́n fi rà? Ibo ló wà? Mo fẹ́ rí i."

Mo rò pé ó ń ṣeré ni. Lọ́jọ́ kejì ó wọ ẹ̀wù tó dára, ó lọ sí báńkì, ó ní kí wọ́n fún òun ní kọ́kọ́rọ́ ilé kejì. Díẹ̀díẹ̀ fi sùúrù ṣàlàyé fún un pé èlé ni, pé ìdá mẹ́sàn-án nínú ọgọ́rùn-ún ni báńkì ń gbà lọ́dọọdún lórí gbèsè tó bá ṣẹ́kù. Àti pé lóṣù àkọ́kọ́, nínú orí mẹ́tàdínláàádọ́rin tí a bá mú wá, ọgọ́ta jẹ́ ti èlé, méje ló kan ilé.

Ọkọ mi padà wálé, ó jókòó, kò bọ́ bàtà.

"Méje," ó ní. "Méje ò tó ra ilẹ̀kùn ilé ìwẹ̀."

Mo ní kó fọwọ́ síwèé náà. Mo ní èèyàn kì í ka iye ìgbà tó máa mí kó tó mí. Ọ̀rọ̀ yẹn dùn létí ara mi nígbà tí mo sọ ọ́.

Láti ọjọ́ náà ló ti gbé ìwé kékeré kan sẹ́gbẹ̀ẹ́ dígí ní ṣọ́ọ̀bù. Bí ẹnì kan bá ti jókòó, á fa ìlà kan. Ọgọ́ta ìlà àkọ́kọ́ lóṣù, ti báńkì. Méje tó tẹ̀ lé e, ti ilé. Ó fẹ́ mọ bó ṣe máa rí lára kí a tó fọwọ́ síwèé. Bó ṣe rí lára rẹ̀ ni pé ó bẹ̀rẹ̀ sí í mí kanlẹ̀ lórí àwọn èèyàn.

Tíṣà ni oníbàárà rẹ̀ tó pẹ́ jù. Lówùúrọ̀ ọjọ́ kan, ó ti gé apá kan orí Tíṣà tán, ló bá mí kanlẹ̀, ó ní, "Ẹ má bínú o, Tíṣà. Orí yín yìí, ti báńkì ni."

Ẹ̀yin náà ẹ wò ó. Ṣé ohun tí à ń sọ fún ọmọlúàbí nìyẹn, ní àárọ̀ kùtù, pẹ̀lú abẹ lọ́wọ́?

"Orí ta ni?" Tíṣà bèèrè.

"Tiyín. Mo ti kọ ọ́ síwèé."

"Ta ló ní kẹ́ ẹ kọ orí mi síwèé?"

"Kì í ṣe tiyín nìkan, sà. Ọ̀kẹ́ kan ni wọ́n fẹ́ gbà."

Tíṣà dìde. Ó gba ẹnu ọ̀nà jáde pẹ̀lú irun lápá kan àti aṣọ ìbora wa lọ́rùn, nígbà tó sì dé òpópónà, ó bẹ́ sí eré. Kó tó di ọ̀sán, àdúgbò ti gbọ́ pé onígbàjámọ̀ ti ta ọ̀kẹ́ kan orí fún báńkì. Nígbà tó fi máa di ìrọ̀lẹ́, wọ́n ti mọ yàrá tí báńkì ń kó àwọn orí náà sí. Obìnrin kan tó mọ̀ mí dáadáa fi gèlè bo orí ọmọ rẹ̀ kó tó kọjá níwájú ṣọ́ọ̀bù wa.

Ọjọ́ mẹ́ta gbáko, orí kan ò wọlé. Mo rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ kìíní. Lọ́jọ́ kẹta, mo fi aṣọ tí mò ń lọ̀ sílẹ̀, mo lọ jókòó tì í. Ibẹ̀ ni ẹ̀rù ti bà mí fún ìgbà àkọ́kọ́, nítorí mo rí i pé báńkì ò ní mọ̀ pé kò sẹ́ni tó wá. Mẹ́tàdínláàádọ́rin yẹn á máa bọ̀ lóṣooṣù, yálà orí wà tàbí orí ò sí.

Ọjọ́ kẹrin ni Díẹ̀díẹ̀ mú ìwé wá sí ṣọ́ọ̀bù kí a fọwọ́ sí i; Bàbá náà ti bá wa wá síbẹ̀. Ó wo àga tó ṣófo, ó wo ilẹ̀ tí kò sí irun kankan lórí rẹ̀. Àwọn èèyàn ti rọ̀ mọ́ fèrèsé lóde láti wo ẹni tó wá kó orí. Tíṣà wà láàárín wọn, ó dé fìlà mọ́ ìdajì irun rẹ̀.

"Ta ló kọ ọdún márùndínlọ́gbọ̀n síbí?" Bàbá bi í.

"Àwa ni, sà. Òun ló rọrùn jù, òun ni gbogbo èèyàn ń mú."

"Ṣé ẹ bi àwọn ọmọ mi?"

"Rárá, sà."

"A kì í fá orí lẹ́yìn olórí," Bàbá ní. "Jókòó síbí, ọmọ mi. Irun ẹ ti kún. Jẹ́ kí n fi ọdún tó máa gbẹ̀yìn ìwé yìí hàn ẹ́."

Ta ló lè kọ̀ fún àgbàlagbà? Díẹ̀díẹ̀ jókòó. Bàbá so aṣọ mọ́ ọn lọ́rùn, èyí nìkan gbà wọ́n tó ìṣẹ́jú méjì. Wọ́n wá mú abẹ. Ọwọ́ wọn ń gbọ̀n débi pé abẹ náà ń tàn yanranyanran nínú dígí, ó ń lọ, ó ń bọ̀, nítòsí etí Díẹ̀díẹ̀.

"Ọmọ mi yìí jẹ́ ẹni ọdún mẹ́rìndínláàádọ́ta," Bàbá ní. "Lọ́dún márùndínlọ́gbọ̀n sí i, ọjọ́ orí mi ló máa wà. Ọwọ́ yìí ló máa fi san tiyín. Má mira."

Wọ́n fá ìlà kan láti iwájú dé àtàrí. Ìlà náà wọ́ bí ọ̀nà tí ewúrẹ́ là. Díẹ̀díẹ̀ di ojú rẹ̀ méjèèjì, ó ń gbàdúrà lábẹ́nu.

Èmi ni mo sọ̀rọ̀. "Tó bá jẹ́ ọdún méjìlá ńkọ́? Mélòó lóṣù?"

Ẹ̀rù ti kọ́ ọ ní ìṣirò tiwa. "Orí mọ́kànléláàádọ́rùn-ún, mà."

"Tí a bá wá san án tán?"

"Ẹgbẹ̀rún mẹ́tàlá, ó lé ọgọ́rùn-ún. Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, sà."

Mo yọ ọ́ lórí ìka. Mẹ́rìnlélógún ló lé lóṣù. Ọjọ́ mẹ́fà là ń ṣí ṣọ́ọ̀bù lọ́sẹ̀. Orí kan lójúmọ́ ni. Orí kan ṣoṣo lójúmọ́ ló dúró láàárín àwa àti ọdún mẹ́tàlá gbèsè, láàárín àwa àti ẹgbẹ̀rún méje orí.

"Kí ló dé tí o ò sọ èyí fún wa?"

"Ẹ ò bèèrè, mà."

Inú bí mi sí i, ó sì bí mi sí ara mi. Mo fi apá mi méjèèjì wọn fèrèsé, n ò fi ẹnu kan ṣoṣo bèèrè iye tí ilé ń jẹ́.

Ọkọ mi ti gba abẹ lọ́wọ́ baba rẹ̀, ó mú wọn jókòó. "Mi ò lè gé ju mẹ́wàá lọ lójúmọ́," ó sọ fún mi kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́. "O mọ̀ mí. N kì í kánjú. Ta ló máa gé ọ̀kan yòókù?"

Mo wo orí Díẹ̀díẹ̀ tó wà lórí àga pẹ̀lú ọ̀nà ewúrẹ́ lórí. Ọdún méjìdínlógún ni mo ti ń wo ọkọ mi lẹ́nu iṣẹ́ yìí. Mo mú ẹ̀rọ ìgérun.

"Mà," Díẹ̀díẹ̀ ní, "ṣé ẹ ti gé irun rí?"

"Díẹ̀díẹ̀ ni," mo dá a lóhùn.

Ó pẹ́ kí n tó parí. Ọkọ mi ń fi ìka tọ́ka láìsọ̀rọ̀. Nígbà tó yá, Tíṣà ti orí wọ ojú fèrèsé, ó ní apá òsì ga ju ọ̀tún lọ, mo sì mú un wálẹ̀. Àwọn tó wà lóde rí i pé orí báńkì fúnra rẹ̀ wà lórí àga wa, kò sì lọ síbì kankan. Ẹnì kan rẹ́rìn-ín, gbogbo wọn bá a rẹ́rìn-ín.

Díẹ̀díẹ̀ wo dígí, ó fi ọwọ́ pa orí rẹ̀, ó sanwó. Ọkọ mi ṣí ìwé kékeré náà, ó bi í léèrè bóyá ti èlé ni tàbí ti ilé. Díẹ̀díẹ̀ ní gbogbo èyí tó bá lé, ilé ló ń lọ tààrà. Ó fagi lé ọdún márùndínlọ́gbọ̀n, ó kọ méjìlá, a fọwọ́ sí i.

Nígbà tí gbogbo wọn lọ, Bàbá ṣì jókòó síbẹ̀, wọ́n tẹ́ ọwọ́ wọn méjèèjì sórí itan, wọ́n ń wò ó.

"Ọwọ́ ẹ ò gbọ̀n, ìyàwó," wọ́n ní.

"Ẹ ṣé, Bàbá."

Mo mú ìgbálẹ̀.

"Ọdún méjìlá," wọ́n ní. "Èmi náà lè rí ìyẹn. Ọdún márùndínlọ́gbọ̀n ọjọ́sí, n ò ní sí níbẹ̀, kò kàn sẹ́ni tó rántí ni."

Ojú tì mí. Mo bẹ̀rẹ̀, mo ń gbá irun Díẹ̀díẹ̀ jọ sójú kan, mo sì gbá a pẹ́ ju bó ṣe yẹ lọ, kí wọ́n má baà rí ojú mi.